Ìjókòó Méjì Péré

Ọkọ̀ pupa náà, ìjókòó méjì péré ló ní.
Bàbá àgbà wà nínú ọ̀kan, Ivano ọmọ ilé iṣẹ́ ọkọ̀ wà nínú èkejì:
òfin ni, ẹni tó bá yá a fún wákàtí kan
kò gbọdọ̀ dá nìkan wà á.
Èmi àti Màmá àgbà tẹ̀ lé wọn nínú Páńdà funfun
tó jẹ́ pé okùn la fi so ilẹ̀kùn rẹ̀ kan.
Agbọ̀n wà lẹ́sẹ̀ Màmá, ìgò wáìnì wà lórí itan rẹ̀
bí ọmọ tí wọn ò tíì sọ lórúkọ.

Kí ilẹ̀ tó mọ́ la ti kọ́kọ́ yà lọ́dọ̀ Oriello,
tó ti ri apá méjèèjì bọ inú ìkòkò bàbà.
Ó fi aṣọ gbé òkìtì wàràkàṣì funfun kan jáde,
ó gé e sí méjì, ó ní, "Ìbejì ni."
Ó fi òòlù kékeré lu èyí tó ti gbó lórí pẹpẹ,
ó dẹ etí sí i. Bàbá náà dẹ etí.
"Ihò wà nínú eléyìí," ni Bàbá wí.
"Learco, ṣé iṣẹ́ mi lo tún fẹ́ gbà?"

Lókè àjà ilé ẹ̀gbọ́n Màmá,
ọtí kíkan ń sùn nínú àgbá márùn-ún,
èyí tó tóbi tó ewúrẹ́, èyí tó kéré ò ju ológbò lọ.
Ọdún tí wọ́n bí ìyá mi ni wọ́n da omi àjàrà síbẹ̀.
Ìyá mi ti bí mi, ó ti kó lọ sí Tọ́rínò, ó ti kọ ọkọ,
ọtí kíkan ò tíì pinnu ohun tó fẹ́ dà.
Ẹ̀kán kan lórí ṣíbí:
ó dùn, ó kan, ó tún padà dùn.

Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ni Bàbá fi de nọ́ọ̀tì ẹ́ńjìnnì ní Maranello.
Alágbẹ̀dẹ tó ń lu irin lójú kan, ó ní ohun tó ń fà yọ níbẹ̀,
àmọ́ ohun tí Bàbá fà yọ kò mọ̀ ọ́n.
Ọkọ̀ a bú ramúramù lọ bá olówó rẹ̀,
Bàbá a gun kẹ̀kẹ́ wálé.
Kò fìgbà kan béèrè. Àwa la dá owó jọ.

Wọ́n ṣáná sí i. Ohùn rẹ̀ gba àyà mi kọjá.
Ní kọ́ọ̀nà kejì a ò rí wọn mọ́.
Màmá ò sọ̀rọ̀, ó ń fi àtàǹpàkò nu ọrùn ìgò.

Lẹ́yìn àwọn igi ṣẹ́rì, lórí òkè tó kọjú sí Levizzano,
ọkọ̀ náà wà nínú koríko, ẹ̀yìn rẹ̀ là sílẹ̀,
Ivano ká ọwọ́ lérí.
Mo ní, ó ti tán. Ó ti bàjẹ́.
Rárá o. Bàbá ló bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, tó gbé etí sún mọ́ irin.
Irin ń tutù, ó ń dún tí, tí,
bí òrùlé lẹ́yìn òjò.
"Ogójì ìṣẹ́jú ṣì kù!" ni Ivano ń wí.
"Mo ti sáré. Bó ṣe ń sinmi ni mo fẹ́ gbọ́.
Níbi iṣẹ́, aago máa ń lù kó tó dákẹ́."

A tẹ́ aṣọ. Tigẹ́lẹ̀ gbóná, burẹ́dì tí kò ju àtẹ́lẹwọ́ lọ,
a fi ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ tí wọ́n gún pẹ̀lú aáyù sí i láàárín.
Lambrúsíkò hó yọ lẹ́nu ìgò, ó ta sí ṣẹ́ẹ̀tì Bàbá,
ó rẹ́rìn-ín, kò nù ún.
Ivano mu omi, ó jẹ tigẹ́lẹ̀ mẹ́fà.

Màmá ò fẹnu kan wáìnì.
Ó gbọn èérún burẹ́dì kúrò lára síkẹ́ẹ̀tì rẹ̀, ó dìde.
"Wákàtí náà ò tíì pé, àbí? Kọ́kọ́rọ́ dà?"
Ivano wo ojú ọ̀run, ó nu ẹnu, ó wọlé sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀.

Èmi àti Bàbá dúró létí ọ̀nà, a gbé ife dání.
Ó di ojú. "Jíà kejì," ó ní.
"Ẹ̀kẹta."
Ó ya ojú sílẹ̀.
"Ẹ̀kẹrin. Dorina!"