Ẹ̀tù Kì í Gbọ́ "Dúró Ná"

Tíṣà Aiyédùn ló kà á fún wa
lábẹ́ igi kajú, nílé wa ní Ìsánlú:
rọ́kẹ́ẹ̀tì Amẹ́ríkà, tẹ́ẹ́rẹ́ bí ọparun oríkèé mẹ́rin,
kò gbé epo tó ń ṣàn,
oúnjẹ inú rẹ̀ le gbagidi bí rọ́bà.
Oríkèé kan jó tán, ó já sọnù, èkejì gbaná.
Ẹrù orí rẹ̀ kò ju elégédé ńlá kan lọ.

Bàbá mi, ọdẹ, rẹ́rìn-ín.
"Ẹ̀tù náà ni. Ẹ̀tù lẹ fún lórúkọ ńlá.
Epo ṣeé dá dúró.
Ẹ̀tù tó bá ti gbaná, kì í gbọ́ 'dúró ná',
kò mọ olówó rẹ̀."

Tíṣà ní òótọ́ ni. Àwọn kan tilẹ̀ ti já sókun.

Lálẹ́, a gun àpáta ẹ̀yìnkùlé.
Ìràwọ̀ kan ń rìn, kò kánjú, kò ṣẹ́jú,
ó gba orí oko iṣu wa kọjá.
N kò mọ̀ bóyá òun ni.
Bàbá mi na ọwọ́ ọ̀tún tẹ̀ lé e,
ọwọ́ tí ẹ̀tù ti mú ìka méjì lọ
lọ́dún tí wọ́n bí mi.
Ó ní, "Èyí débi tó ń lọ."