Ajá Ẹnu Ihò

Ní Gimli, létí adágún tó ti dì gbagidi,
aago mẹ́ta òru, ẹnu iṣẹ́ ni mo wà.
Bàbá Sigvaldi ní kí n ti fèrèsé.
Mo ní, “Ó ti wà ní títì, Bàbá.”
Ó ní, “A jẹ́ pé inú ilé ló ti ń gbó.”

Garm lorúkọ ajá náà.
Ẹ̀jẹ̀ gbẹ mọ́ ọn láyà bí ọbẹ̀ tó jó mọ́ ìkòkò.
Ẹnu ihò ọ̀run ni wọ́n so ó mọ́;
ọjọ́ tó bá já ṣéènì, ayé bùṣe.

Àádọ́ta ọdún ni Bàbá fi dẹ àwọ̀n sábẹ́ yìnyín,
kò bẹ̀rù omi.
Ó ní ẹni tó bá ti fún aláìní ní búrẹ́dì rí
yóò rí nǹkan jù sí i lẹ́nu.
“Ṣé mo fún ẹnikẹ́ni?” Ó ń wò mí.

Kí ni mo mọ̀? Oṣù mẹ́rin péré ni mo dé.
Tanímọ̀la, ajá bàbá mi,
kò lè ṣọ́ ẹja orí àtẹ, ká má tíì sọ ti ọ̀run.

Mo wọ kíṣínì, mo bu búrẹ́dì,
mo fi sí i látẹ́lẹwọ́, mo ká ìka rẹ̀ lé e.
“Ẹ fún mi jẹ,” ni mo wí. “Ebi ń pa mí.”
Ó pẹ́ kó tó ṣí ọwọ́.
Mo jẹ ìdajì. Mo dá ìdajì padà.

Ilẹ̀ mọ́. Ọwọ́ rẹ̀ tutù, ó ṣófo,
èérún kan kò sí lórí aṣọ.
Níta, nǹkan ń ké lábẹ́ adágún.
Yìnyín ló ń sán, wọ́n ní bẹ́ẹ̀ ló máa ń ṣe.

Láti ọjọ́ náà, n kì í jẹ búrẹ́dì tán.