Ọdún Kẹta

Èmi ni mo di òǹtẹ̀ mú ní yàrá kẹtàdínlógún,
ilé iṣẹ́ ìgbanisíṣẹ́ olùkọ́, ìlú Ranchi.
Òǹtẹ̀ méjì ló wà lórí tábìlì mi:
ọ̀kan ní YẸ, ọ̀kan ní KÒ YẸ.
Èkejì ti jẹ létí, torí òun ló ń ṣiṣẹ́ jù.

Òjò ń lu páànù bí ẹni wá sin gbèsè
nígbà tí Salomi Kerketta wọlé, tó fún omi kúrò létí sárì rẹ̀,
tó gbé fáìlì tó fi ọ̀rá dì síwájú mi.
Ọdún mẹ́rìnlá ló ti ń kọ́ ìṣirò
nílé ẹ̀kọ́ ìjọba kan lẹ́yìn Khunti, olùkọ́ àdéhùn,
owó oṣù tó ń dé bí àlejò tí kò fẹ́ràn ilé.
Kóró ajàgbọn ló fi ń kọ́ wọn ní ìdá:
ka mẹ́jọ, pín in sọ́nà mẹ́rin, fún ọ̀rẹ́ rẹ ní ìdá kan,
kí ló kù lọ́wọ́ rẹ?
Nínú ìdánwò, òun ló ṣe ipò kejì ní gbogbo àgbègbè wọn.

Mo ṣí ìwé ẹ̀rí.
Ọdún kìíní: ìṣirò. Ọdún kejì: ìṣirò.
Ọdún kẹta: jọ́gíráfì.

“Ẹ̀gbọ́n,” ó ní, “Ọ̀gbẹ́ni Tirkey ló ń kọ́ wa.
Wọ́n gbé e lọ sílùú mìíràn, wọn ò rán arọ́pò.
Ọ̀gá kọ́lẹ́ẹ̀jì ní ká mú ohun tó wà.
Ohun tó wà ni jọ́gíráfì.”

Abala kẹrin, ìlà kejì:
ẹni tí yóò kọ́ ìṣirò gbọ́dọ̀ ti kà á lọ́dún mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.
Èṣí ni wọ́n kọ òfin náà.
Ọdún kẹrìndínlógún rèé tí obìnrin yìí ti jáde.
Wọ́n ní ẹni tó da omi síwájú ni í tẹ ilẹ̀ tútù.
Ó dà á. Mo rí ibi tó dà á sí.
Ilẹ̀ ni wọ́n wá gbé kúrò.

Mi ò ní kí a má ṣòfin o.
Mo mọ ohun tí ojú ọmọ ń rí lọ́wọ́ olùkọ́ tí kò mọ̀;
ọmọ tèmi gan-an ṣì ń fi ìka ka méje lọ́nà mẹ́jọ.
Aniket tó tò tẹ̀lé e, ọmọ ọdún mẹ́tàlélógún,
ọdún mẹ́tẹ̀ẹ̀ta rẹ̀ pé, kò dúró níwájú kíláàsì rí,
máàkì rẹ̀ fi mọ́kànlélógójì kéré sí tirẹ̀.
Òun náà ò jalè. Mo fún un ní YẸ.
Ó bẹ̀rẹ̀, ó fọwọ́ kan ẹsẹ̀ mi. Ojú tì mí dé ẹsẹ̀.

Ṣùgbọ́n ta ni yóò jíhìn ọdún kẹta?
Ṣé ẹni tó jókòó sí kíláàsì tí kò lólùkọ́,
àbí ìjọba tó kó olùkọ́ lọ,
tó wá padà dé pẹ̀lú bírò lọ́wọ́,
tó ń bi í pé, “Níbo lo wà lọ́dún náà?”

Kí n má purọ́: kíláàsì kẹwàá ni mo kà dé tí mo fi wọ iṣẹ́ yìí.
Lónìí, ẹni tí kò ní dìgírì ò lè di òǹtẹ̀ mú.
Òfin yẹn bá mi lórí àga, ó kí mi, ó kọjá lọ.
Ti Salomi dúró dè é lẹ́nu ọ̀nà.

Mo kọ̀wé sí Ọ̀gá Dwivedi, ojú ewé kan ààbọ̀.
Ọ̀rọ̀ mẹ́ta ló fi dá a padà: Òfin ni òfin.

Lọ́jọ́ kẹsàn-án ó padà wá. Mo tẹ̀ ẹ́.
Kò sunkún. Ó ka ìwé náà bí ẹni ń máàkì iṣẹ́ ọmọ,
ó ní mo ṣi ọjọ́ kọ. Òótọ́ ni.
Ó wá béèrè bóyá òun lè gba fọ́tò òun,
ogún rúpìí lòun fi yà á, fọ́ọ̀mù mìíràn ń bọ̀.

Abala kọkànlá: ohun tí a bá ti fi sílẹ̀, a kì í dá a padà.
Mo wẹ̀yìn wò. Fáànù nìkan ló ń yí.
Mo fi èékánná họ gọ́ọ̀mù náà díẹ̀díẹ̀,
kí ojú rẹ̀ má baà fàya.