Òjé Ẹsẹ̀ Àwọ̀n

Ní Ṣómólú, ní àdúgbò tí gọ́tà rẹ̀ máa ń dúdú fún tàdáwà,
ibẹ̀ ni mo ti kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ Ọ̀gá Oyènúgà.
Lẹ́tà kọ̀ọ̀kan, òjé ni,
à ń ṣà á sójú irin lódìlódì
bí ẹni ń kàwé nínú díńgí.
Àpótí tó ti òkè òkun wá kò ní ẹ, kò ní ọ, kò ní ṣ.
Ọ̀gá á mú fáìlì, á mú iná,
á jó òjé bíńtín lé e nídìí.
Imí eṣinṣin lásán, lójú ẹni tí kò mọ̀.
Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tí mo gbàgbé rẹ̀ nínú ìwé ìpè ìgbéyàwó,
ọkọ ìyàwó di oko ìyàwó,
àwọn àna wá bèèrè bóyá kí àwọn mú ọkọ́ àti àdá dání.
Ọ̀gá ò nà mí. Ó kàn ní,
"Ẹni tó bá tẹ̀ ẹ́ láìwò ó, á tẹ́."

Ẹ̀rọ ńlá ará Jámánì yẹn ké títí
di ọdún tí kọ̀ǹpútà dé.
Kò bá wa jà. Ó jókòó sórí tábìlì, ó ń tàn.
Iṣẹ́ ọ̀sẹ̀ kan di iṣẹ́ kí tíì tó tutù.
Èmi náà ra tèmi. Mi ò ní purọ́, owó wọlé:
ọmọ mẹ́ta gbàwé ẹ̀rí nínú rẹ̀,
mo kọ́lé sí Ìkòròdú, bí a ò tilẹ̀ tíì rẹ́ ẹ.
Ọ̀gá jókòó síta,
ọwọ́ rẹ̀ ń ṣa lẹ́tà lórí itan,
lẹ́tà tí kò sí níbẹ̀.

Nígbà tó kú, wọ́n fi ìwọ̀n ta ẹ̀rọ náà.
Àwọn apẹja Mákòkó ló ra òjé, àpò méjìlá.
Wọ́n yọ́ díẹ̀;
èyí tí wọn ò ráyè yọ́, wọ́n so ó bẹ́ẹ̀ mọ́ ẹsẹ̀ àwọ̀n.
Nítorí náà, bí ẹ bá ń gba orí afárá gígùn kọjá lálẹ́,
ẹ rántí pé ábídí wà nísàlẹ̀ ọ̀sà,
pé ẹja kan lè ti fi imú kan ṣ
kó tó mọ̀ pé wọ́n ti mú òun.

Rédíò ní ọrọ̀ ajé wa ti dàgbà.
Mo bi rédíò: ó ga tó ta?
Ṣé ọwọ́ rẹ̀ ti tó wáyà iná?
Torí nígbà tí mò ń bi í, iná ti lọ,
bátìrì ni rédíò ń jẹ.

Ìbídùnní, ọmọ ọmọ Ọ̀gá, wá bá mi ní Ọjọ́bọ̀.
Yábàá ló ti ń ṣiṣẹ́, nínú ilé onígíláàsì kan,
bàtà rẹ̀ funfun bí ẹni tí kò bá gọ́tà pàdé rí.
Ó ní àwọn ń kọ́ ẹ̀rọ lédè wa;
ẹ̀rọ ń gbọ́, ó ń fèsì,
ṣùgbọ́n kò mọ ibi tí àmì ìdí ń gbé.
"Bàbá, báwo ni bàbá wa ṣe ń ṣe é?"

Mo yọ ọ́ lápò: ẹ kan ṣoṣo
tí mo jí pamọ́ kí àwọn onírin tó dé.
Ó gbé e sátẹ́lẹwọ́, ó yà á lẹ́nu pé ó wúwo.
Ó ya fọ́tò rẹ̀. Wákàtí méjì ló fi gbọ́ mi,
ó ń kọ, ó ń bèèrè,
àní ó bèèrè irú fáìlì tí a lò.
Kò sẹ́ni tó bi mí ní irú rẹ̀ rí.
Lójú ẹsẹ̀ ló sanwó. Fóònù mi dún.
Mo fi awò sójú, mo kà á:
owó pé.
Orúkọ ni kò pé.
OSIFESO,
ní ìhòhò, láìnídìí.

"Ọ̀ṣìfẹ̀sọ̀ ni," mo wí. "Mẹ́rin ló sọnù."
Ó rẹ́rìn-ín, ó ní báńkì ló ń ṣe bẹ́ẹ̀, kì í ṣe àwọn.
Mo ní mo mọ̀.
Mo gba ẹ mi padà lọ́wọ́ rẹ̀.
Nígbà tó lọ tán, mo wá fáìlì.