Mo Sanwó Kí N Tó Wọ Ìlú Bàbá Mi

Agogo méje àárọ̀, ní Tákìẹ́, ní Ògbómọ̀ṣọ́,
Àdìgún na agboòrùn pupa sókè bí àsíá.
"Ẹni tó bá ti sanwó nìkan ni kó tẹ̀ lé mi!"
A jẹ́ mẹ́fà: agùnbánirọ̀ méjì láti Kàlàbá,
tọkọtaya kan láti Ìbàdàn tí wọn ò bára wọn sọ̀rọ̀,
òyìnbó Jámánì kan tó ń fi ìwé fẹ́ ara rẹ̀,
àti èmi,
tí mo ka ẹgbẹ̀rún márùn-ún náírà lé e lọ́wọ́
kó lè fi ìlú bàbá mi hàn mí.

"Níbo lẹ ti wá, màmá?"
"Tàmálè," mo ní. "Gáná."
"Ẹ kú àlejò."
Ọ̀rọ̀ náà há mi lọ́fun bí egungun ẹja.

Oṣù Igbe ni. Máńgòrò ń já lulẹ̀ láìbéèrè.
Ó ní ká má fi ọ̀bẹ kàn án:
ká tẹ̀ ẹ́ títí yóò fi rọ̀,
ká fi eyín lu orí rẹ̀, ká fà á mu bí ọmọ ọwọ́.
Irùngbọ̀n òyìnbó di àwọ̀ ìyeyè.
Ní Sábó, Kúmbò yọ wàrà nínú omi gbígbóná,
poroporo ọkà bàbà ti sọ ara rẹ̀ di pupa.
Mo jẹ ẹyọ kan. Mo tún ra méjì.
Pupa yẹn, mo mọ̀ ọ́n níbìkan.

Níwájú ààfin, Àdìgún fi agboòrùn ṣe idà,
ó fẹ́ bẹ́ orí Ẹlẹ́mọ̀ṣọ́ lójú wa,
díẹ̀ ló kù kó gé etí ìyàwó ará Ìbàdàn.
Ọkọ rẹ̀ bú sẹ́rìn-ín. Òun náà rẹ́rìn-ín.
Ìtàn náà parí kí n tó jókòó dáadáa.
Lẹ́nu bàbá mi, alẹ́ méjì ló máa ń gbà,
àtùpà á ti kú kí orí tó já.

Ìsàlẹ̀ Àfọ́n. Ilé alájà kan,
kìnnìún sìmẹ́ńtì lórí rẹ̀, etí kan ti re,
1957 lábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀.
"Ọlọ́lá kan tó ń ta góòlù ló kọ́ ọ," Àdìgún wí.
"Ó lówó, ó lówó, àmọ́ kò bímọ."
Àwọn agùnbánirọ̀ ṣàánú rẹ̀. Wọ́n ya fọ́tò.

Àlùbọ́sà ni Láṣebìkan tà.
Àlùbọ́sà, abọ́ tánganran, okùn.
Ó bí mẹ́sàn-án. Ìkeje ni bàbá mi,
ẹni tí ìyá mi, ọmọ Dàgọ́ńbà, fi pamọ́ sẹ́yìn àká ọkà
lọ́dún tí wọ́n ní kí gbogbo àjèjì kó ẹrù wọn.
Mi ò sọ nǹkan kan.
Owó tí mo san, ìrìn àti oúnjẹ ló wà fún.

Lẹ́yìnkùlé, Ìyá Sàfúrátù ṣí ìkòkò.
"Oúnjẹ ìbílẹ̀ wa rèé," Àdìgún kéde,
"láyé ọjọ́un la ti ń jẹ ẹ́!"
Mo bojú wo inú ìkòkò:
ìrẹsì àti ẹ̀wà nínú omi ewé ọkà bàbà,
ata dúdú tó ń ta imú.
Wàkyé.
Wàkyé àárọ̀ Jímọ́ọ̀ ìyá mi,
pẹ̀lú pupa rẹ̀, pẹ̀lú èéfín rẹ̀,
tó ti délé ṣáájú mi, tó ti di ọmọ onílẹ̀.

Mo ti síbí sẹ́gbẹ̀ẹ́.
Mo fi ìka mẹ́ta kó o, mo fi àtàǹpàkò tì í sẹ́nu
bí wọ́n ṣe ń jẹ ẹ́ lọ́hùn-ún.
Ìyá náà dáwọ́ dúró pẹ̀lú ìgbakọ lọ́wọ́.
Ó wo ọwọ́ mi, ó wo iwájú orí mi,
ó tún wo kìnnìún.
"Ìwọ," ó ní, "ọmọ ta ni ọ́?"

"Àkókò ti lọ! Ó ku kasú níwájú!"
Agboòrùn pupa gba orí ògiri kọjá.
Èèyàn márùn-ún tẹ̀ lé e.