Téèpù Láníhùn

Inú garawa gàrí ni téèpù náà wà,
ìyá mi fi gèlè àtijọ́ wé e,
ọdún mọ́kàndínlọ́gbọ̀n lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì.
Ìbídàpọ̀, ọmọ tó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe ní Agbowó,
fẹnu fẹ́ eruku rẹ̀. Ó ní,
"Màmá, bí kò bá tíì bàjẹ́, ẹ ó rí wọn."

Ó kọ́kọ́ hó ṣáá bí epo orí iná.
Lẹ́yìn náà ni ojú àwòrán là:
ẹnu géètì Yunifásítì, oòrùn àárọ̀,
ewé lọ́wọ́ ọmọ, ewé lórí táksí.
Páálí bísíkíìtì ni wọ́n kọ ọ́ sí:
ÌBÒ WA DÀ?
Ẹ̀rín ni wọ́n ń rín.
Mo ti gbàgbé èyí pátápátá,
pé ẹ̀rín ni wọ́n ń rín.

Láníhùn kì í ṣe oníròyìn.
Ayàwòrán ìgbéyàwó ni,
ó mọ bí a ti í wá ojú ìyàwó láàárín èrò.
Bẹ́ẹ̀ ló ṣe ń wá ojú wọn lọ́kọ̀ọ̀kan,
títí ó fi rọra fa ọ̀kan sún mọ́ wa:
Oyèlàmí, àbúrò mi,
bàtà rẹ̀ kan já, ó fi okùn so ó,
guguru kún ẹnu rẹ̀, kò lè bá wọn kọrin.
Ìṣẹ́jú-àáyá mẹ́rin péré.

Ọkọ̀ wọn gba apá Sángo wọlé.
Ewé lọ́wọ́ ọmọ, àwọ̀ ewé lára sójà;
ewé kojú ewé,
ọ̀kan ló ní ìbọn.

Kámẹ́rà ṣubú.
A kò rí nǹkan mọ́ àfi koríko, ọ̀dà,
ẹsẹ̀ tó ń sáré gun òkè
bí ẹni pé ilẹ̀ ti di ògiri.
Ẹ̀rọ náà kò mọ̀ pé ó yẹ kí òun pajú dé.
Ó ń gbọ́. Pà. Pàpàpà.
Obìnrin kan ń pe orúkọ kan,
ó dé ìdajì, kò parí rẹ̀.

Òjijì ni ìgbéyàwó bẹ́ sílẹ̀:
orí téèpù onítéèpù ni Láníhùn ya gbogbo rẹ̀ sí.
Ìyàwó ń gé kéèkì nínú gbọ̀ngàn kan ní Mọ́kọ́lá,
èrò ń pàtẹ́wọ́.
Pà. Pàpàpà.

Rédíò ní ẹnikẹ́ni kò kú lọ́jọ́ náà.
Ìyá mi kò wo téèpù yìí títí ó fi lọ.
Ó ní bí òun kò bá wò ó,
Oyèlàmí ṣì wà lọ́nà, ó ń bọ̀ wálé.

"Ṣé kí n gé ìgbéyàwó yẹn kúrò?"
Rárá, ọmọ mi. Fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀.
Dá a padà síbi oníguguru.
Ó dá a dúró. Ojú náà ń gbọ̀n díẹ̀díẹ̀.
Láníhùn kò tún aago kámẹ́rà rẹ̀ ṣe rí:
ọjọ́ kìíní, oṣù kìíní, ló kọ sí igun àwòrán.
Ọdún ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀.
Ó ń jẹ guguru.