Ọjọ́bọ̀ ní Kuje

Baba Àsàbí, mo ti ta ọkọ̀ dúdú yẹn.
Owó rẹ̀ ni mo fi gba lọ́yà.

Wọ́dà tó máa ń bẹ́rí fún mi láyé rẹ
ní, "Màmá, ta lẹ wá wò?"
Mo ní, Habila ọmọ Tanímu:
ọdún mẹ́fà, kò tíì fojú kan adájọ́.

Ọyẹ́ ń fẹ́. Ètè mi là.
Èmi àti ìyá rẹ̀ jọ ń pín kúlíkúlí lórí bẹ́ǹṣì;
kò mọ aya ẹni tí mo jẹ́.

Ìwé tó gbé ọmọ náà débí wà nínú fáìlì mi.
Ọwọ́ tó kọ lẹ́tà ìfẹ́ sí mi láti Jọ́ọ̀sì
ló wà lẹ́sẹ̀ ìwé náà.

Mi ò tíì sọ fún un.
Ó tún bu kúlíkúlí sí mi lọ́wọ́.